Karoo National Park: ìbéèrè àti ìdáhùn nípa ilẹ̀ gbígbẹ tí wọ́n ní kò sí nǹkankan níbẹ̀

Gbogbo ìgbà tí mo bá ti dárúkọ Karoo, ìbéèrè kan náà ló máa ń wọlé, ni mo bá ní kí n kúkú kó gbogbo ẹ̀ sójú kan, kí n dáhùn ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan kí ẹnu mi sinmi. Ibi tí ẹ bá ti rí i pé mo sọ̀rọ̀ jù, ẹ mọ̀ pé ibẹ̀ ló dùn mọ́ mi.

Níbo ló wà gan-an?

South Africa ni, ní Western Cape, ẹ̀gbẹ́ ìlú Beaufort West. Ẹni tó bá ń wa mọ́tò bọ̀ láti Cape Town tó ń lọ sí Johannesburg, títì N1 ló máa gbà, á rìn tó bíi 460 km kó tó kan Beaufort West, géètì páàkì ò sì jìnnà sí títì yẹn rárá. SANParks, àjọ ìjọba tó ń bójú tó àwọn páàkì wọn, ló ń ṣe kòkárí ẹ̀. Ọdún 1979 ni wọ́n dá a sílẹ̀, wọ́n sì ti ra oko mọ́ oko kún un, ó ti lé ní 750 square kilometres báyìí. Beaufort West yìí náà ni wọ́n bí Christiaan Barnard sí, dókítà tó kọ́kọ́ pààrọ̀ ọkàn èèyàn ní 1967. Kò kan ọ̀rọ̀ ẹranko, mo mọ̀, àmọ́ ẹ jẹ́ n sọ ọ́.

Kí ni Karoo túmọ̀ sí?

Karoo lorúkọ gbogbo agbègbè gbígbẹ tí páàkì yìí wà nínú ẹ̀. Ọ̀rọ̀ àwọn Khoekhoe ni, àwọn tó ti ń da ẹran níbẹ̀ kí Òyìnbó tó dé. Ohun tó ń sọ ò ju pé ibẹ̀ gbẹ lọ. Wọn ò parọ́.

Ṣé aṣálẹ̀ ni? Mo wo fọ́tò ẹ̀, mi ò rí nǹkankan.

Kì í ṣe aṣálẹ̀ oníyanrìn tí ẹ ń rò yẹn. Ilẹ̀ òkúta ni, tó tẹ́ lọ salalu, igi wẹ́wẹ́ tí ò ga ju orókún lọ ló kún ibẹ̀, àwọ̀ wọn jọ eérú jọ ewé gbígbẹ, lẹ́yìn wọn ni àwọn òkè Nuweveld dìde dúró bí ògiri. Òjò ọdún kan gbáko ò tó 300 mm nísàlẹ̀ níbi tó tẹ́jú, ọdún míì sì wà tí kì í tó bẹ́ẹ̀ rárá. Orí òkè tutù díẹ̀, òjò ibẹ̀ náà sì pọ̀ díẹ̀ sí i, ìdí nìyẹn tí koríko fi wà lókè tí igi wẹ́wẹ́ wà nísàlẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ ní ẹ ò rí nǹkankan, ojú tí ẹ fi ń wo igbó kìjikìji lẹ fi wò ó. Ilẹ̀ gbígbẹ kì í kó ọrọ̀ ẹ̀ síta lọ́sàn-án gangan. Ẹranko ibẹ̀ tó pọ̀ jù, abẹ́ ilẹ̀ ló wà tí oòrùn bá ń mú, àwọn tó bá wà lókè sì ti pa àwọ̀ pọ̀ mọ́ òkúta débi pé ẹ lè wò wọ́n lójú korokoro kẹ́ ẹ má rí wọn. Ẹ dúró lójú kan fún ogún ìṣẹ́jú, kẹ́ ẹ pa ẹ́ńjìnnì mọ́tò, ẹ ó rí i pé òkúta kan ti bẹ̀rẹ̀ sí í rìn.

Báwo làwọn igi ibẹ̀ ṣe ń yè láìsí omi?

Oríṣiríṣi ọgbọ́n ni. Àwọn kan ń kó omi pa mọ́ sínú ewé. Èyí tí mo fẹ́ràn jù ni spekboom, ewé ẹ̀ kéré, ó nípọn, ó ń dán, tẹ́ ẹ bá jẹ ẹ́ ó máa kan lẹ́nu díẹ̀. Igi yìí, tí ilẹ̀ bá ti gbẹ jù, á ti gbogbo ihò tíntìntín tó wà lára ewé ẹ̀ pa lọ́sàn-án, ó di alẹ́ kó tó ṣí i láti gba afẹ́fẹ́ sínú, oòrùn ò ní rí omi kankan jí gbé lára ẹ̀. Ẹran ìgbẹ́ tí wọ́n ń pè ní kudu ń jẹ ẹ́, ìjàpá ń jẹ ẹ́, ẹ̀ka tó bá sì já bọ́ sílẹ̀ á tún ta gbòǹgbò.

Èyí tó kù ni igi ẹlẹ́gùn-ún kan tó ń jẹ́ sweet thorn, ẹ̀gún ẹ̀ funfun, ó gùn bí ìka ọwọ́. Etí odò tó ti gbẹ ló máa ń tò sí. Tẹ́ ẹ bá ń wo ilẹ̀ láti orí òkè tẹ́ ẹ rí ìlà ewéko tútù kan tó ń lọ kọ́lọkọ̀lọ, ẹ mọ̀ pé omi wà lábẹ́ ibẹ̀, bí ojú odò tiẹ̀ gbẹ táútáú.

Ta ló ni ilẹ̀ yẹn kó tó di páàkì?

Àwọn àgbẹ̀ alágùntàn. Kí wọ́n tó dé, ilẹ̀ àwọn San tó ń ṣọdẹ àti àwọn Khoekhoe ni, àwọn ẹran springbok ló sì ń rìn kiri níbẹ̀ bí ẹni tó ni ayé. Ní 1849, àwọn tó ṣojú ẹ̀ ní Beaufort West sọ pé àárọ̀ ọjọ́ kan làwọn gbọ́ ariwo bí ìjì, àwọn jáde síta, ẹran ló kún títì, tó kún ọgbà, springbok pẹ̀lú oríṣi ẹran míì, ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n fi ń kọjá kí wọ́n tó tán, ibi tí wọ́n gbà ò sì yàtọ̀ sí ibi tí iná jó. Ẹ fojú inú wò ó ná. Ọjọ́ mẹ́ta!

Ìrìn yẹn ò sí mọ́. Ìbọn wà ńbẹ̀, wáyà tí wọ́n fi yí oko ká wà ńbẹ̀, ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ tó ń fa omi látinú kànga náà tún dé, ó wá ṣeé ṣe láti fi àgùntàn sójú kan lọ́dọọdún. Ẹran ìgbẹ́ ní tiwọn máa ń jẹ ibì kan tán wọ́n á ṣí lọ, ilẹ̀ á sinmi. Àgùntàn inú wáyà ò rí ibi ṣí lọ, ó ń jẹ ewéko tó dùn tán pátápátá, ó wá ku èyí tó korò. Mi ò bú àwọn àgbẹ̀ o, èèyàn gbọ́dọ̀ jẹun. Àmọ́ ibi tí páàkì yìí wà lónìí, oko tí àgùntàn ti jẹ gbẹ ni púpọ̀ nínú ẹ̀, iṣẹ́ wọn ni kí wọ́n jẹ́ kí ilẹ̀ náà padà sípò, kí wọ́n sì kó àwọn onílé padà wá.

Ẹranko wo ni mo máa rí tí mo bá lọ?

Springbok, ìyẹn dájú. Òun ni wọ́n fi orúkọ ẹ̀ pe ẹgbẹ́ rugby South Africa. Tí inú ẹ̀ bá dùn tàbí tó bá fẹ́ fi han ọ̀tá pé ara òun le, á na ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin gan-an, á tẹ ẹ̀yìn, á máa fò sókè gbọ̀ngbọ̀n, irun funfun ẹ̀yìn ẹ̀ á là. Gemsbok wà, oníwo gígùn méjì bí ọ̀kọ̀, ó lè wà fún ìgbà pípẹ́ láìmu omi, ewé àti èso tó ń jẹ ló ń fún un lómi. Kudu, eland, red hartebeest, ògòǹgò, akátá, gbogbo wọn wà ńbẹ̀. Orí àpáta ni ẹ máa ti rí klipspringer, ẹran kékeré bí ẹtu, ṣónṣó pátákò ẹ̀ ló fi ń rìn bí ọmọge tó wọ bàtà gogoro, kì í sì í yọ̀.

Erin ò sí, àgùnfọn ò sí. Tó bá jẹ́ ìyẹn lẹ ń wá, ẹ gba ibòmíì lọ.

Mo gbọ́ pé kìnnìún wà. Òótọ́ ni?

Òótọ́ ni. Ó lé ní 150 ọdún tí kìnnìún ti tán lágbègbè yẹn, ọdún 2010 ni wọ́n tó tún kó mẹ́jọ wá. Wọ́n kọ́kọ́ fi wáyà tó lágbára, tó ní iná, yí páàkì ká, torí àgùntàn ló wà ní gbogbo oko tó yí wọn ká, àgbẹ̀ wo ló máa gbà kí kìnnìún máa ṣe aládùúgbò ẹ̀ láìsí wáyà?

Ibi tí ọ̀rọ̀ Sylvester ti wọlé nìyí. Ní oṣù kẹfà 2015, òjò gbá ilẹ̀ abẹ́ wáyà lọ, kìnnìún ọmọ ọdún mẹ́ta kan, òun ni Sylvester yìí, gba ihò yẹn jáde. Bíi ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ló fi wà níta. Ó rìn ju 300 km lọ láàárín òkè, ó pa àgùntàn bíi 28, wọ́n ń fi ajá wá a, wọ́n ń fi ẹsẹ̀ tọ ipa ẹ̀, kò sẹ́ni tó rí i mú, ìgbà tó yá ni wọ́n fi hẹlikọ́pítà bá a lórí òkè, wọ́n yin abẹ́rẹ́ oorun sí i lára, wọ́n gbé e padà sílé. Wọ́n wá fi kọ́là tó ń sọ ibi tó wà sí i lọ́rùn. Ṣé ẹ rò pé ó ti parí? Oṣù kẹta 2016 ó tún jáde! Wọ́n ní àwọn kìnnìún akọ yòókù ló ń lé e kiri. Lọ́tẹ̀ yìí, SANParks kọ́kọ́ fọ̀rọ̀ síta pé ó ṣeé ṣe káwọn pa á torí ó ti di ẹranko tó ń ba nǹkan jẹ́, àfi bí gbogbo ayé ṣe gbà á mọ́ wọn lọ́wọ́, àwọn ará ìlú kọ̀ jálẹ̀. Kọ́là yẹn ló jẹ́ kí wọ́n rí i láàárín ọjọ́ díẹ̀, wọ́n sì kó o lọ sí ẹ̀gbẹ́ Addo, páàkì míì ní Eastern Cape, níbi tó ti máa rí ààyè ní tiẹ̀.

Àwọn èèyàn fi ọ̀rọ̀ yẹn ṣe àwàdà, wọ́n sọ Sylvester di gbajúmọ̀. Èmi ò lè gbàgbé àwọn tó ni àgùntàn. Ẹni tó jí láàárọ̀ tó bá òkú ẹran mẹ́ta nínú oko ẹ̀ ò ní bá wa rẹ́rìn-ín.

Oríṣi zebra mélòó ló wà níbẹ̀, kí sì ni wọ́n ń pè ní quagga?

Oríṣi méjì. Èyí tó jẹ́ ti ilẹ̀ náà gan-an ni Cape mountain zebra, ó kéré, ikùn ẹ̀ funfun, ìlà ara ẹ̀ dé pátákò, imú ẹ̀ pọ́n bí ìpẹtà, awọ kan sì sọ̀ sílẹ̀ lábẹ́ ọrùn ẹ̀. Díẹ̀ ló kù kó tán láyé, nígbà kan ní àárín ọgọ́rùn-ún ọdún tó kọjá wọn ò pé 100 mọ́. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún ni wọ́n báyìí, torí pé wọ́n dáàbò bò wọ́n, wọ́n sì ń kó wọn láti páàkì kan dé òmíì, Karoo wà lára ibi tí wọ́n kó wọn sí.

Quagga lọ̀rọ̀ ẹ̀ yàtọ̀. Zebra tó ní ìlà níwájú tí ẹ̀yìn ẹ̀ jẹ́ búráùn lásán, bí ẹni pé ẹni tó ń kùn ún ni ọ̀dà tán lọ́wọ́ ẹ̀. Ilẹ̀ Karoo ló ń gbé, wọ́n pa á, wọ́n pa á, títí ó fi tán, èyí tó kẹ́yìn kú ní Amsterdam ní 1883 nínú ọgbà ẹranko. Ó dà bíi pé àwọn tó ń tọ́jú ẹ̀ gan-an ò mọ̀ pé òun ló kẹ́yìn. Nígbà tó di 1984, àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì yọ DNA lára awọ ẹ̀ tó ti gbẹ, òun ni ẹranko tó ti parun tí wọ́n kọ́kọ́ ṣe bẹ́ẹ̀ fún, wọ́n wá rí i pé ìbátan plains zebra tó ṣì wà láyé ni. Ni Reinhold Rau, ọ̀gbẹ́ni kan tó ń ṣiṣẹ́ ní mùsíọ̀mù ní Cape Town, bá bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ kan ní 1987: ó ń ṣa àwọn zebra tí ìlà wọn ò pọ̀ lẹ́yìn, ó ń jẹ́ kí wọ́n bímọ fúnra wọn, àwọn ọmọ tún bímọ, ìlà ń dínkù. Àwọn zebra iṣẹ́ yìí náà ti gbé nínú páàkì Karoo.

Ṣé quagga ti padà nìyẹn? Ẹjọ́ wà níbẹ̀. Àwọn kan ní àwọ̀ lásán ni, ẹni tó bá wọ aṣọ olóògbé ò tíì di olóògbé. Mo gbà pẹ̀lú wọn díẹ̀. Àmọ́ mi ò rí ohun tó burú nínú kí ilẹ̀ náà tún rí ẹran tó jọ ọ̀kan tó sọnù.

Àgbáǹréré ńkọ́?

Ó wà, dúdú ni, ètè ẹ̀ ṣẹ́po bí ìkọ́, igi ló fi ń já jẹ kì í ṣe koríko. Ẹni tó bá rí i kó dúpẹ́. Ibi tí wọ́n wà gan-an, ẹ má bi mí, bẹ́ ẹ bá sì rí i fúnra yín ẹ má gbé fọ́tò tó ń fi ibẹ̀ hàn síta, torí àwọn tó ń wá ìwo ẹ̀ náà ń lo fóònù.

Kí ni gbogbo ariwo nípa ehoro yẹn?

Riverine rabbit ni. Kì í ṣe ehoro tí ẹ mọ̀. Ìlà dúdú kan wá láti ẹ̀gbẹ́ ẹnu ẹ̀ lọ sọ́nà etí bí ẹni lé tìróò kọjá ààlà, òrùka funfun yí ojú ẹ̀ ká. Karoo nìkan ló wà ní gbogbo ayé, ó sì wà lára àwọn ẹranko afọ́mọlọ́yàn tó ṣọ̀wọ́n jù ní Áfíríkà. Ìṣòro ẹ̀ ni pé etí odò, níbi tí ilẹ̀ ti rọ̀ tó ti lè gbẹ́ ihò ọmọ, nìkan ló lè gbé, ibẹ̀ náà sì làwọn àgbẹ̀ fẹ́ràn láti tú kọ. Ehoro yòókù ń bímọ wọ̀ǹwọ̀, òun sábà máa ń bí ẹyọ kan, ó pọ̀ tán méjì. Alẹ́ ló ń jáde. Ẹni tó bá sọ fún yín pé òun rí i lọ́sàn-án, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ ehoro lásán ló rí.

Ìjàpá mélòó?

Oríṣi márùn-ún nínú páàkì kan ṣoṣo! Ibi tó pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ ṣọ̀wọ́n láyé. Ńlá wà tó ní àmì bí ara àmọ̀tẹ́kùn, kékeré wà tẹ́ ẹ lè gbé sórí àtẹ́lẹwọ́ (ẹ má gbé e o, ẹ̀rù lè jẹ́ kó tọ gbogbo omi tó kó pa mọ́ dànù, níbi tí òjò ò ti sí ìyẹn lè pa á). Ẹ máa wo ojú títì dáadáa lẹ́yìn òjò, wọ́n máa ń jáde wá mu omi lójú ọ̀nà.

Ẹyẹ ńkọ́?

Idì dúdú, Verreaux's eagle, òun lọ̀gá. Dúdú kirimú, ẹ̀yìn ẹ̀ ló ní àmì funfun. Òwàwà ló ń jẹ, kì í ṣe èyí tó ń gun igi tó ń ké lóru, ìbátan ẹ̀ tó ń gbé orí àpáta ni. (Òwàwà yìí tẹ́ ẹ rí bí eku ńlá, erin ló bá tan. Bẹ́ẹ̀ ni, erin.) Idì máa ń yé ẹyin méjì, èyí tó bá kọ́kọ́ pa, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé gbogbo ìgbà ló ń lu àbúrò ẹ̀ pa láàárín ọjọ́ díẹ̀, ìyá wọn á máa wò. Àwọn àgbẹ̀ kan máa ń yìnbọn fún idì torí wọ́n ní ó ń gbé ọmọ àgùntàn, wọn ò ro ti òwàwà tó ń bá àgùntàn wọn du oúnjẹ, tó sì ń pọ̀ sí i tí idì ò bá sí.

Ta ló ń gbẹ́ gbogbo ihò tí mo rí nílẹ̀?

Aardvark. Etí bíi ti ehoro, imú bíi ti ẹlẹ́dẹ̀, ìrù bíi ti kangaroo, ikán àti èèrà ló ń jẹ lóru. Tó bá ti fi ihò kan sílẹ̀, àwọn mìíràn á kó wọlé: òòrẹ̀, akátá, ejò, ẹyẹ pàápàá. Lójú tèmi òun ni lánlọ́ọ̀dù Karoo, kò sì gba owó ilé lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ẹnìkejì ẹ̀ nídìí ikán ni kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ elétí ńlá, bat-eared fox, tó máa ń tẹ etí sílẹ̀ láti gbọ́ bí ikán ṣe ń rìn.

Òkúta olóògbé ńkọ́, àbí kí lẹ ń pe fossil?

Egungun tó ti di òkúta. Karoo lókìkí káàkiri ayé torí ẹ̀. Ní nǹkan bíi mílíọ̀nù 260 ọdún sẹ́yìn, kí dinosaur tó wà rárá, ibẹ̀ jẹ́ ilẹ̀ tí odò ńláńlá ń ṣàn kọjá, àwọn ẹran bíi Bradysaurus, tó rí bí alángbá tó sanra bíi màlúù, ń rìn kiri, ẹrẹ̀ bò wọ́n. Nínú páàkì, ẹ̀gbẹ́ ibi tí wọ́n ń sùn, ọ̀nà kúkúrú kan wà tó jẹ́ nǹkan bíi 400 m, wọ́n to àwọn egungun náà síbẹ̀, ẹni tó wà lórí kẹ̀kẹ́ arọ lè gbà á.

Ìgbà wo ló dáa jù?

Láti oṣù kejìlá sí oṣù kejì, ooru ibẹ̀ kì í ṣe kékeré, ó lè dé 40°C. Oṣù kẹfà sí ìkẹjọ, ọ̀sán tura àmọ́ òtútù òru á wọ egungun, yìnyín á bo koríko láàárọ̀, snow tiẹ̀ máa ń bọ́ sórí Nuweveld lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan. Èmi á mú oṣù kẹrin tàbí ìkẹsàn-án.

Ṣé mọ́tò kékeré lè rìn níbẹ̀? Ẹ̀fọn ńkọ́, ejò ńkọ́?

Àwọn ọ̀nà tó ṣe kókó, títí kan Klipspringer Pass tó gun òkè lọ, mọ́tò kékeré ń rìn ín, àwọn ọ̀nà ẹ̀yìn òkè ló nílò 4x4. Ibà ò sí lágbègbè yẹn, ẹ ò nílò oògùn ẹ̀. Ejò wà, paramọ́lẹ̀ ni kẹ́ ẹ ṣọ́ra fún jù torí kì í sá fún ẹsẹ̀ èèyàn, ó máa ń dúró jẹ́ẹ́ ni. Àkeekèé náà wà, ẹ gbọn bàtà kẹ́ ẹ tó wọ̀ ọ́. Torí kìnnìún, ẹ ò gbọdọ̀ bọ́ sílẹ̀ nínú mọ́tò àfi níbi tí wọ́n bá ti kọ ọ́ pé ẹ lè bọ́ sílẹ̀.

Èló ni?

Wọ́n ń sanwó ojúmọ́, iye tí ọmọ South Africa ń san kéré jù, àwọn ará orílẹ̀-èdè SADC, ìyẹn ẹgbẹ́ àwọn orílẹ̀-èdè apá gúúsù Áfíríkà, tẹ̀ lé wọn, àwa yòókù ló ń san èyí tó pọ̀ jù. Ẹ wo iye tó jẹ́ lọ́wọ́lọ́wọ́ lórí ìkànnì SANParks, ó máa ń yí padà.

Mo kàn ń kọjá lórí N1 ni, ṣé wákàtí méjì tó?

Ó tó láti rí ọ̀nà egungun yẹn, kẹ́ ẹ sì gun Klipspringer Pass dé orí. Àmọ́ tẹ́ ẹ bá lè sun ibẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ kan, ẹ sùn ún. Ojú ọ̀run Karoo ṣókùnkùn débi pé agbègbè yẹn ni wọ́n gbé awò ìràwọ̀ ńlá SALT sí, ní Sutherland. Ẹ pa gbogbo iná, ẹ jókòó síta pẹ̀lú bùláńkẹ́ẹ̀tì. Nígbà tó bá yá akátá á ké níbì kan lápá òkè, òmíì á dá a lóhùn.